Ẹ̀yin tó fẹ́ gbé kámẹ́rà lọ Èkó

Ẹni tó bá fẹ́ ti Ògòtún-Èkìtì gbéra lọ ya fọ́tò l'Ékòó, ibì kan ṣoṣo ni kó mú. Ìdúmọ̀tà láàárọ̀, Mákòkó lọ́sàn-án, Lẹ́kì nírọ̀lẹ́: inú sún-kẹẹrẹ-fà-kẹẹrẹ lọjọ́ máa ṣú sí. Ẹ wo Akinbode Akinbiyi, ayafọ́tò. Ẹsẹ̀ ló fi ń rìn, ó sì ń padà síbi kan náà léraléra. Ó ya etíkun Bar Beach fún ọ̀pọ̀ ọdún; lónìí tí ìlú tuntun Eko Atlantic ti gbalẹ̀ níbẹ̀, fọ́tò wọ̀nyẹn ló ń sọ bí etíkun náà ṣe rí.

Ẹlòmíì á ní owó ọkọ̀ ti wọ́n, ṣé kí òun má rí gbogbo ìlú ni? Owó yẹn gan-an ni mo ń rò, kó má baà ṣòfò. Ẹni tó ń sáré kiri, ìpàkọ́ èèyàn ló máa ń yà. Oníṣòwò ọjà Balógun kò ní í gbà kí àlejò ṣàdédé kọjú kámẹ́rà sóun (ta ló máa gbà?), àmọ́ bó bá rí i lẹ́ẹ̀kẹta, tí àlejò náà kí i, tó ra nǹkan lọ́wọ́ rẹ̀, ó lè gbà. Bẹ́ẹ̀ náà là ń fẹ́ kí àwọn àlejò ṣe sáwọn ìyá tó ń hun ẹní l'Ógòtún níbí.

Bó bá jẹ́ ẹ̀yin, ibo lẹ máa mú?