Zangina Ọmọ Tutugri àti Ìdílé Rẹ̀

Bí a bá ní kí n mú ẹyọ kan péré nínú gbogbo ọba tí ó ti jókòó lórí awọ kìnnìún ní Yendi, olú-ìlú Dagbon ní àríwá Ghana, kí n sì wí pé ẹni yìí ni mo fẹ́ kí ọmọ káàárọ̀-o-ò-jíire mọ̀ dáadáa, èmi kò ní í mú èyí tí ó jagun jù lọ, bẹ́ẹ̀ ni n kò ní í mú èyí tí ó pẹ́ lórí oyè jù lọ. Zangina ọmọ Tutugri ni n óò mú, ọba Dagbon ní ìbẹ̀rẹ̀ àwọn ọdún 1700, ẹni tí ìtàn fi ṣe ọba àkọ́kọ́ tí ó gba ẹ̀sìn Mùsùlùmí nílẹ̀ náà, tí wọ́n sì so ọdún Damba mọ́ orúkọ rẹ̀, ọdún tí tọmọdé-tàgbà Tamale ń wọ fúgù jó ní oṣù tí a bí Ànábì. Àwọn mìíràn lágbára jù ú lọ. Ṣùgbọ́n òun mọ̀wọ̀n ara rẹ̀, ẹni tí ó bá sì mọ̀wọ̀n ara rẹ̀ kì í tẹ́.

Ẹnu àwọn onílù ni ìtàn rẹ̀ ti wá. Ní òru tí ọdún Ìtúnu Ààwẹ̀ tàbí ọdún Iléyá bá ku ọ̀la, àwọn onílù a pé sí iwájú ilé ọba, olórí wọn a máa ro ìtàn àwọn ọba láti ìgbà ìwáṣẹ̀, àwọn yòókù a máa fi lùńgà gbè é, ìlù tí a ń há sábẹ́ abíyá tí ọmọ Yorùbá èyíkéyìí yóò rí tí yóò ní gángan ni, títí ilẹ̀ yóò fi mọ́. Àwọn wọ̀nyí kì í ṣe alágbe lásán. Wọ́n ní Bizung, ọmọ bíbí inú Naa Nyagse tí ó jọba láyé àtijọ́, ni baba ńlá wọn, bí Àyàn Àgalú ti jẹ́ fún àwọn onílù tiwa, oyè Namo Naa tí olórí wọn ń jẹ ní Yendi sì ti ọ̀dọ̀ rẹ̀ wá. Nítorí náà, nígbà tí wọ́n bá ń ki ọba, ẹ̀jẹ̀ ara wọn ni wọ́n ń kì, ẹ̀jẹ̀ kì í sì í gbàgbé.

Nígbà tí Naa Gungobli wàjà, àwọn ọmọ ọba pọ̀ bí ewé, oníkálukú ní òun ni oyè kàn, ọ̀rọ̀ náà sì di iṣu ata yán-an-yàn-an mọ́ àwọn afọbajẹ lọ́wọ́. Ọ̀bẹ kì í mú kó gbẹ́ èkù ara rẹ̀. Wọ́n kó ẹjọ́ náà lọ sí Gambaga, sọ́dọ̀ Nayiri, ọba Mamprugu, nítorí pé láàrin àwọn ọmọ Gbewaa, baba ńlá ìran méjèèjì, Tohugu tí ó tẹ Mamprugu dó ni ẹ̀gbọ́n, Sitobu baba Dagbon sì ni àbúrò, àgbà kì í sì í wà lọ́jà kí orí ọmọ tuntun wọ́. Nayiri wo gbogbo wọn, ó sì mú Zangina. Láti ìdájọ́ yẹn ni wọ́n ti ń ka òfin pé ẹni tí yóò bá dé Yendi gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ jọba ní ọ̀kan nínú ìlú mẹ́ta, Karaga, Savelugu tàbí Mion, àti pé ọmọ kò gbọdọ̀ ga ju ibi tí baba rẹ̀ dé lọ. Òfin líle ni! Ẹni tí baba rẹ̀ bá kú kó tó dé Yendi, ó parí fún un àti fún àtọmọdọ́mọ rẹ̀. Síbẹ̀ ó sàn ju ti Ọ̀yọ́ àtijọ́ lọ, níbi tí Àrẹ̀mọ ti gbọ́dọ̀ bá Aláàfin kú, tí ó fi jẹ́ pé nígbà tí wọ́n pa àṣà náà tì, tí Kúrunmí olórí Ìjàyè sì kọ̀ láti gba Adélù, Àrẹ̀mọ tí ó di Aláàfin, ogun Ìjàyè ni ó bí.

Ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì pàápàá kò bọ́ nínú irú ìdààmú yìí. Ní ayé Zangina yẹn ni John Churchill, ọlọ́lá tí oyè rẹ̀ ń jẹ́ Duke ti Marlborough, ṣẹ́ ogun Blenheim ní 1704. Ṣùgbọ́n ọmọkùnrin kan ṣoṣo tí ó kù fún un ti bá ìgbóná lọ ní 1703, ó sì di dandan kí ilé aṣòfin ṣe òfin pàtàkì ní 1706 kí oyè náà má baà parun, kí Henrietta ọmọbìnrin rẹ̀ tó lè jẹ ẹ́ ní 1722. Ní Dagbon, ọmọbìnrin ọba kò nílò irú òfin bẹ́ẹ̀. Oyè wà fún àwọn ọmọbìnrin Ya-Naa, ọba Dagbon, Gundo Naa sì ni àgbà wọn, ó ní ìlú, ó ní ilẹ̀, ó sì ń jókòó lórí awọ tirẹ̀ bí ọkùnrin.

Iṣẹ́ tí mo fi fẹ́ràn Zangina jù lọ nìyí. Àwọn ará Gonja, lábẹ́ balógun wọn Kumpatia, gbé ogun wọ Dagbon, ọba sì mọ̀ pé òun kì í ṣe ẹni ogun. Àwọn oníṣòwò Hausa àti Wangara pẹ̀lú àwọn àlùfáà wọn ni ó ń bá kẹ́gbẹ́. Ṣé kí ó fi ìgbéraga kó ọmọ aráyé lọ kú ni? Ó ké sí Andani Sigli, ìbátan rẹ̀ tí ó mọ ogun, ó ní kí ó gba idà, kí oyè sì jẹ́ tirẹ̀ lẹ́yìn òun. Andani Sigli pa Kumpatia, ó sì gorí awọ lẹ́yìn náà gẹ́gẹ́ bí àdéhùn. Ọba mélòó ni yóò ṣe bẹ́ẹ̀, tí ó ní ọmọ tirẹ̀ nílé?

Ọmọ náà, Garba, padà jọba, ṣùgbọ́n ayé rẹ̀ korò. Àwọn ọmọ ogun Aṣáńtì mú un lẹ́rú, àwọn ènìyàn rẹ̀ ṣe ìlérí ìràpadà, wọ́n sì dá a padà. Láti ìgbà náà ni Dagbon ti ń san ẹrú fún àwọn Aṣáńtì ní Kumasi, títí ọdún 1874 tí Gẹ̀ẹ́sì fi jó Kumasi. N kò lè sọ ìtàn yìí kí n sì fi adùn sí i. Ọ̀pọ̀ àwọn tí wọ́n fi san gbèsè náà kì í ṣe ọmọ ọba, ọmọ àwọn àgbẹ̀ tí kò ní ọba tí yóò gbèjà wọn ni, tí wọ́n lọ kó lórí oko àti lábúlé. Òmìnira ọlọ́lá kan, ìran àwọn mẹ̀kúnnù ni ó san án, onílù tí ó bá ń ki Garba kì í sì í dárúkọ wọn.

Garba bí Andani Jangbariga, Andani bí Yakubu, Yakubu bí Abdulai àti Andani, ilé Abudu àti ilé Andani sì ni ó ti ara tẹ̀gbọ́n-tàbúrò wọ̀nyí yọ. Jámánì jó Yendi ní 1896. Ní 1899 Jámánì àti Gẹ̀ẹ́sì pín ilẹ̀ náà sí méjì láàrin ara wọn. Ní 1907 Gẹ̀ẹ́sì sọ Tamale di olú-ìlú Àríwá, Tamale sì wá fi iye ènìyàn àti ọjà ju Yendi lọ. Ṣùgbọ́n ìyà tí àjèjì fi jẹ ilẹ̀ náà kò tó èyí tí ilé méjèèjì fi jẹ ara wọn: ní oṣù kẹta ọdún 2002, wọ́n pa Ya-Naa Yakubu Andani Kejì àti ọ̀pọ̀ ènìyàn rẹ̀ ní Yendi, awọ sì ṣófo fún ọdún mẹ́rìndínlógún àti jù bẹ́ẹ̀ lọ.

Àwọn wo ni ìjọba Ghana bẹ̀ kí wọ́n parí ìjà náà? Ọba Aṣáńtì, Nayiri, àti Yagbonwura ọba Gonja ni. Ìdílé tí ó mú Garba lẹ́rú, ìdílé tí ó yan Zangina, ìdílé tí ó gbógun tì í, gbogbo wọn ni wọ́n jókòó yí ọ̀rọ̀ àwọn àtọmọdọ́mọ Zangina ká, wọn kò sì dìde títí wọ́n fi ṣe òkú ọba méjì, ọ̀kan láti ilé kọ̀ọ̀kan, tí wọn kò tíì ṣe òkú wọn gẹ́gẹ́ bí àṣà. Ní oṣù kìn-ín-ní ọdún 2019, Abukari Mahama, ọba Savelugu, di Ya-Naa. Lẹ́yìn rẹ̀ ni wọ́n fi Bolin Lana, adelé ilé Abudu, jọba Mion, tí wọ́n sì fi Kampakuya Naa, adelé ilé Andani, jọba Savelugu. Ọ̀nà Yendi ṣí sílẹ̀ fún àwọn méjèèjì, nítorí pé baba wọn méjèèjì ti dé ibẹ̀ rí.