Ilé Tí A Fi Gbèsè Rà: Èló Gan-an Ni?

Ọ̀rọ̀ ilé ni mo fẹ́ bá yín sọ, pàápàá jù lọ ẹ̀yin tí ẹ ń gbé ní Àbújá níbí, níbi tí owó ilé ti ń jẹ owó oṣù kí owó oṣù tó dé. Ọdún kẹsàn-án rèé tí ìdílé mi ti ń háyà ilé ní Kubwa. Iṣẹ́ olùkọ́ ni mò ń ṣe, òṣìṣẹ́ ìjọba àpapọ̀ sì ni bàbá àwọn ọmọ mi. Nígbà tí onílé tún fi owó kún owó, bàbá àwọn ọmọ mi ní àsìkò tó kí a yá owó ra tiwa, wọ́n sì mú ìwé wá láti ilé ìfowópamọ́ kan tí n kò ní dárúkọ. Nínú gbogbo ìwé náà, iye kan ṣoṣo ni wọ́n kọ gàdàgbà: iye tí a óò máa san lóṣooṣù. Òṣìṣẹ́ tó fún wọn ní ìwé náà sì gbà wọ́n nímọ̀ràn pé ogún ọdún ni kí a mú, kí a má mú ọdún mẹ́wàá, kí ó lè fúyẹ́ lọ́rùn wa.

Mo bi wọ́n pé, “Gbogbo rẹ̀ lápapọ̀ wá jẹ́ èló?” Wọn kò mọ̀. Òṣìṣẹ́ báńkì náà kò sọ, kò sì síbi tí wọ́n kọ ọ́ sí. Ìbéèrè yìí ni mo gbé lọ bá olùkọ́ ìṣirò iléèwé wa, ohun tí a sì bá pàdé níbẹ̀ ni mo fẹ́ kí ẹ bá mi gbé yẹ̀ wò.

Ẹni tó fẹ́ ra ilé tí owó rẹ̀ kò tó yóò yá owó, ilé náà fúnra rẹ̀ ni yóò sì fi dógò títí yóò fi san gbèsè tán. Èyí ni wọ́n ń pè ní mọ́gééjì. Kì í ṣe nǹkan àná ní ilẹ̀ wa. Ọdún 1956 ni wọ́n dá Nigerian Building Society sílẹ̀, òun ni ó sì di Federal Mortgage Bank ní ọdún 1977. Ní ọdún 1992 ni òfin NHF jáde, èyí tí wọ́n fi ń yọ ìdá 2.5 nínú ọgọ́rùn-ún owó oṣù òṣìṣẹ́. Ẹni tó bá ń dá owó yìí lè yá owó ilé ní èlé ìdá 6 nínú ọgọ́rùn-ún lọ́dún, kí ó sì fi ọgbọ̀n ọdún san án.

Ẹ mú tákàdá àti bírò. Ẹ jẹ́ kí a sọ pé mílíọ̀nù mẹ́wàá náírà ni ẹ yá. Mo mọ̀ pé ilé tí wọ́n ń tà ní iye yìí ti ṣọ̀wọ́n ní Àbújá; mo mú un nítorí pé ó rọrùn láti sọ di ìlọ́po. Ní èlé ìdá 6, fún ọgbọ̀n ọdún, ₦59,955 ni ẹ óò máa san lóṣooṣù. Iye náà dùn ún gbọ́ létí. Ṣùgbọ́n oṣù 360 ni ọgbọ̀n ọdún, nígbà tí ẹ bá sì san tán, ohun tí yóò ti tọwọ́ yín lọ yóò lé ní ₦21,580,000. Ilé kan ni ẹ gbà, owó ilé méjì ni ẹ san, pẹ̀lú ẹ̀ní.

Ibi tí ọ̀rọ̀ náà ti yà mí lẹ́nu jù kọ́ nìyẹn. Nínú ₦59,955 oṣù àkọ́kọ́, ₦50,000 jẹ́ èlé. ₦9,955 péré ni ó yọ nínú gbèsè. Báyìí ni yóò máa rí fún ọ̀pọ̀ ọdún, tí ohun tó ń wọ inú gbèsè yóò máa pọ̀ sí i díẹ̀díẹ̀. Ní òpin ọdún kẹẹ̀ẹ́dógún, tí ìdajì àsìkò ti lọ, ẹ ó ti san nǹkan bí ₦10,792,000, èyí tí ó ti ju iye tí ẹ yá lọ. Ẹ óò sì ṣì jẹ nǹkan bí ₦7,105,000. Bí ó bá ṣe pé ọdún 15 ni ẹ ti mú láti ìbẹ̀rẹ̀, ₦84,386 ni ẹ ò bá máa san lóṣù, gbogbo rẹ̀ ì bá sì parí sí ₦15,190,000.

Àwọn baba wa mọ irú ètò báyìí. Láyé àtijọ́, ẹni tó yá owó lè fi ara rẹ̀ tàbí ọmọ rẹ̀ ṣe ìwọ̀fà lọ́dọ̀ olówó. Iṣẹ́ tí ìwọ̀fà ń ṣe lóko olówó, èlé ni. Kò yọ kọ́bọ̀ kan nínú owó tí wọ́n yá. Kí ó sìn ín fún ogún ọdún, iye tí wọ́n gbà lọ́jọ́ àkọ́kọ́ náà ni wọn yóò kó kalẹ̀ kí ìwọ̀fà tó padà sílé. Bákan náà ni ẹni tó fi oko kòkó dógò: olówó ni yóò máa ká kòkó lọ́dọọdún, gbèsè yóò sì dúró bí ó ṣe wà. Wọ́n ti fi òfin pa ìwọ̀fà rẹ́ tipẹ́. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí a wá wo ìwé ti báńkì ìṣòwò, nítorí ti NHF tí mo sọ yẹn, èyí tó rọjú jù ni.

Ní oṣù Kọkànlá ọdún 2024, Báńkì Àgbà ilẹ̀ wa, CBN, gbé òdiwọ̀n èlé rẹ̀ dé ìdá 27.5 nínú ọgọ́rùn-ún, òdiwọ̀n yìí sì ni àwọn báńkì yòókù ń wò kí wọ́n tó bu èlé tiwọn. Ẹ jẹ́ kí a ṣàánú ara wa, kí a lo ìdá 24. Mílíọ̀nù mẹ́wàá kan náà, fún ọdún mẹ́wàá: ₦220,481 lóṣù. Fún ogún ọdún: ₦201,741. Ẹ ò rí i pé ìfúyẹ́ tí wọ́n ṣèlérí kò tó ₦19,000 lóṣù? Nítorí rẹ̀, gbogbo owó tí ẹ óò san yóò kúrò ní nǹkan bí ₦26,458,000, yóò di nǹkan bí ₦48,418,000. Mílíọ̀nù méjìlélógún ni ó fẹ́rẹ̀ẹ́ fi lé sí i.

Ìdí rẹ̀ kò le. Nínú ₦201,741 ti oṣù àkọ́kọ́, ₦200,000 jẹ́ èlé. ₦1,741 ni ó kan gbèsè. Kò sí bí ẹ ṣe lè fa ọdún gùn tó, kí ó di ogójì, kí ó di ọgọ́ta, owó oṣù kò lè wálẹ̀ ju ₦200,000 lọ, nítorí pé èlé nìkan ti tó iye yẹn. Ẹni tó mú ogún ọdún, tó sì san fún ọdún mẹ́wàá láìyẹ̀, yóò ti san ohun tí ó lé ní mílíọ̀nù mẹ́rìnlélógún, yóò sì ṣì jẹ ₦9,150,000 nínú mílíọ̀nù mẹ́wàá. Kí ni ìyàtọ̀ rẹ̀ sí ìwọ̀fà? Sogúndogójì ni Yorùbá ń pe olówó èlé tó burú jù, ẹni tí ń sọ ogún di ogójì. Ẹni tó sọ mẹ́wàá di méjìdínláàádọ́ta, n kò mọ orúkọ tí wọn ì bá sọ ọ́.

Bàbá àwọn ọmọ mi kò kàn gbà bẹ́ẹ̀, ọ̀rọ̀ wọn sì ní ìwọ̀n. Wọ́n rán mi létí ọdún 2005, nígbà tí ìjọba Ààrẹ Olúṣẹ́gun Ọbásanjọ́ bẹ̀rẹ̀ sí í ta àwọn ilé ìjọba tó wà ní Àbújá, tí Mallam Nasir El-Rufai jẹ́ mínísítà olú-ìlú. Àwọn òṣìṣẹ́ tó ń gbé inú ilé wọ̀nyí ni wọ́n kọ́kọ́ fún láǹfààní láti rà á, ọ̀pọ̀ nínú wọn sì sáré lọ yá owó. Nígbà náà, dọ́là kan kò ju nǹkan bí ₦130 sí ₦140 lọ. Ní òpin ọdún 2024, ó ti kọjá ₦1,500. Wọ́n ní, “Ìyá àwọn ọmọ, owó tí ó ń dun àwọn èèyàn yẹn nígbà náà, kí ni ó lè rà lónìí? Ilé wọn ńkọ́?”

Òótọ́ ni wọ́n sọ. Ẹni tó yá owó ní èlé tí kò yí padà, tí náírà sì ń já wálẹ̀, owó tó ti fúyẹ́ ni ó ń san padà. Ẹnikẹ́ni tó bá ń ṣírò gbèsè ọlọ́dún gbọọrọ ní Nàìjíríà tí kò ka èyí kún, kò tíì ṣírò tán. Àmọ́ mo fi ọwọ́ tọ́ gbólóhùn kan hàn wọ́n nísàlẹ̀ ìwé wọn, tí wọ́n kọ ní lẹ́tà wẹ́wẹ́: báńkì lè yí èlé padà nígbàkígbà tí ọjà owó bá yí. Bí ìdá 24 bá di 30 lọ́dún àkọ́kọ́, ₦201,741 yóò di nǹkan bí ₦250,000. Báńkì ti gbé ẹrù ìjábọ́ náírà padà lé ẹni tó yáwó lórí. Àǹfààní àwọn ará ọdún 2005 kò sí nínú irú ìwé bẹ́ẹ̀. Wọ́n ka gbólóhùn náà lẹ́ẹ̀mejì, wọ́n sì ká ìwé náà kò.

Ìṣirò ayé nìyí. Ti ẹ̀sìn wà níbẹ̀, ẹ̀yin náà sì mọ̀ ọ́n. Sūratul-Baqarah, láti āyah 275 dé 279, kò fi àyè gba ribà, āyah 130 nínú Sūrat Āli ‘Imrān sì mẹ́nu ba èlé tí ń di ìlọ́po lórí ìlọ́po. Ìdá 6 ni o, ìdá 24 ni o, orúkọ kan náà ni wọ́n ń jẹ́. Ní ọdún 1999, Ìgbìmọ̀ Fátíwà ti ilẹ̀ Yúróòpù gba àwọn Mùsùlùmí tó ń gbé lọ́hùn-ún láyè láti fi èlé ra ilé tí wọn yóò gbé nítorí ìnira àti àìsí ọ̀nà mìíràn, ọ̀pọ̀ onímọ̀ sì takò wọ́n. Àwa tí a wà ní Àbújá kò lè fi bẹ́ẹ̀ sọ pé kò sí ọ̀nà mìíràn.

Ohun tí a kì í sábà rò pọ̀ mọ́ mọ́gééjì ni ogún. Sūratun-Nisā’ ti fi í hàn pé a kì í pín ogún àyàfi lẹ́yìn tí a bá ti yanjú gbèsè àti àsọtẹ́lẹ̀ òkú. Bí olórí ilé bá papòdà lọ́dún kẹẹ̀ẹ́dógún, mílíọ̀nù méje tí mo ṣírò lókè yẹn ni ó ṣíwájú ìpín ìyàwó, ìpín ìyá, àti ìpín àwọn ọmọ. A sì mọ ìtàn òkú tí wọ́n gbé wá síwájú Ànábì wa (kí ìkẹ́ àti ọlà Ọlọ́hun máa bá a), tí kò fẹ́ kírun sí i lára nítorí gbèsè, títí Abū Qatādah fi gba gbèsè náà sọ́rùn. Nítorí náà, ẹ̀yin ìyàwó, ẹ béèrè bóyá ètò kan wà tí yóò san gbèsè náà bí ọkọ bá kú. Kì í ṣe èpè.

Báńkì Jaiz, tí kì í gba èlé, bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní oṣù Kìíní ọdún 2012, Àbújá níbí sì ni olú-iléeṣẹ́ rẹ̀ wà. Àwọn mìíràn ti tẹ̀ lé e. Ọ̀nà tí irú báńkì bẹ́ẹ̀ lè gbà ṣe ọ̀rọ̀ ilé ju ẹyọ kan lọ. Nínú murābahah, báńkì yóò ra ilé, yóò sì tà á fún yín ní iye tí èrè rẹ̀ hàn gbangba. Nínú ijārah, báńkì ni ó ni ilé, ẹ óò sì máa háyà rẹ̀ títí yóò fi di tiyín. Nínú mushārakah tí ń dín kù, ẹ̀yin àti báńkì ni ẹ jọ ni ilé náà, ẹ óò sì máa ra ìpín báńkì díẹ̀díẹ̀.

Ẹ jọ̀wọ́, ẹ gbọ́ mi yé níbí. Orúkọ Lárúbáwá kò dín owó kù. Mo ti rí Mùsùlùmí tí ó gbọ́ murābahah tí kò sì tún béèrè ohunkóhun mọ́. Èrè tí báńkì fi lé e lè pọ̀ gan-an, nítorí náà bírò tí a fi ṣírò ti ọ̀hún ni kí a fi ṣírò tibí náà. Ìyàtọ̀ tó wà níbẹ̀ ni pé iye tí a bá fẹnu kò lé lórí nínú murābahah kò lè pọ̀ sí i, bí ẹ bá tilẹ̀ pẹ́ san. Bí owó ìjìyà bá wà fún ìdádúró, sàárà ni ó yẹ kí wọ́n fi ṣe, kì í ṣe èrè báńkì. Bí ẹ bá sì tètè san tán, ẹ̀dínwó kò di dandan fún báńkì, inú rere ni. Ní ti ijārah, ẹ béèrè bóyá owó háyà náà lè gòkè, àti ohun tí wọn yóò fi díwọ̀n rẹ̀. Ìdílé tiwa ti kọ àwọn ìbéèrè wọ̀nyí sínú ìwé, a sì ti gbé e lọ síbi méjì. A kò tíì fọwọ́ sí ohunkóhun.

Owó tí kì í hàn nínú ìwé kankan ṣì kù: owó agbẹjọ́rò, owó àwọn tí ń díye lé ilé, owó ìforúkọsílẹ̀, owó ìtọ́jú ọgbà tí wọ́n ń gbà lọ́dọọdún ní ọ̀pọ̀ ẹ́sítéètì, àti òrùlé tí yóò jò kí ogún ọdún tó pé. Lékè gbogbo rẹ̀ ni owó ilẹ̀ tí ìjọba olú-ìlú ń gbà lọ́dọọdún. Ní oṣù Kẹta ọdún 2025, wọ́n kéde pé àwọn ti gba ẹ̀tọ́ ilẹ̀ 4,794 padà lọ́wọ́ àwọn tó ni wọ́n nítorí owó ilẹ̀ tí wọn kò san fún ọ̀pọ̀ ọdún, Maitama, Asokoro, Garki àti Wuse sì wà lára àdúgbò tó kàn. Ẹni tí orúkọ rẹ̀ wà lórí ìwé ilẹ̀ ni ìjọba mọ̀. Kí ẹ tó fọwọ́ sí ìwé ilé yín, ẹ béèrè orúkọ tí yóò wà níbẹ̀ ní gbogbo ọdún tí ẹ ó fi máa sanwó, kí ẹ sì gba rìsíìtì owó ilẹ̀ ti àtẹ̀yìnwá lọ́wọ́ ẹni tó ń ta ilé náà fún yín.