Ohun Tí A Rù Gun Òkè Ìdànrè

Ó pẹ́ tí àwọn ọmọ mi mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ti ń bẹ̀ mí pé kí a jọ lọ wo Òkè Ìdànrè, ní Ìpínlẹ̀ Oǹdó. Èsì kan náà ni mo máa ń fún wọn: “Ẹ jẹ́ kí owó wá ná.” Mo ti kọ ohun tí a ó rà sínú ìwé: bàtà fún ẹni márùn-ún, kúlà ńlá, báàgì tí a ń gbé kọ́ ẹ̀yìn, àga tó ṣeé ká. Nígbà tí mo dé ọjà, iye tí wọ́n dá lé bàtà kan ṣoṣo tí a fi ń gun òkè ká mi lẹ́nu kò. Ọdún 2023 ni. Ìjọba ti yọ owó ìrànwọ́ orí epo ní oṣù karùn-ún. Epo bẹntiróòlù tí kò tó 200 náírà ní lítà kan ti fò kọjá 480. Ní oṣù kẹfà, náírà tún já wálẹ̀, ọjà òkè òkun sì di ọ̀wọ́n gógó. Mo ká ìwé mi, mo fi í pamọ́.

Kò pẹ́ tí àkọ́bí wa, ọmọbìnrin, fi lọ sí ilé-ẹ̀kọ́ gíga. Ìyá wọn wò mí, ó ní: “Dádì, ọ̀kan ti lọ. Ṣé títí tí àwọn méjì yòókù náà yóò fi lọ ni ẹ ó máa ṣírò owó bàtà?” Ọ̀rọ̀ náà gún mi lọ́kàn.

Ní ọdún 2024, a gbéra. Àwọn ọmọ wọ kánfáàsì tí wọ́n fi ń ṣeré nílé-ìwé. Èmi wọ bàtà òkìríkà kan tó ti pẹ́ lọ́wọ́ mi. A gbé mọ́ínmọ́ín, búrẹ́dì, omi, fìlà àti ẹní kan. Owó mọ́tò dé Àkúrẹ́, àti láti ibẹ̀ dé Ìdànrè, ni ó gbówó lọ́wọ́ wa jù.

Àtẹ̀gùn tó lé ní 600 ni ó dúró dè wá. Ọpẹ́lọpẹ́ àwọn ibi ìsinmi tó wà lójú ọ̀nà! Àtẹ́lẹsẹ̀ bàtà mi ti jẹ, ó yọ̀ mí lẹ́ẹ̀mejì. Ọmọkùnrin mi ló dì mí mú. Lórí òkè, a rí ààfin àtijọ́ ti Ọwá, ilé ẹjọ́ àtijọ́, àti ilé-ìwé tí wọ́n dá sílẹ̀ ní 1896. Ìlú odindi ló wà níbẹ̀ kí àwọn ènìyàn tó sọ̀kalẹ̀ ní nǹkan bí 100 ọdún sẹ́yìn. Wọ́n ń gòkè, wọ́n ń sọ̀, láìní ohun kan nínú gbogbo èyí tí mo kọ sínú ìwé mi.

Ẹ̀yin ará, bí ẹ bá ní owó díẹ̀, bàtà tó di ilẹ̀ mú ni kí ẹ ná an lé. Ẹ yẹ àtẹ́lẹsẹ̀ rẹ̀ wò kí ẹ tó kúrò nílé. Ẹ gbé omi tó pọ̀ dání. Ìyókù, ẹ wá a nínú ilé yín. Jésù sọ̀rọ̀ nípa ṣíṣírò owó nínú Lúùkù 14:28, ó sì tọ́ bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n owó bàtà ni mo ṣírò, n kò ṣírò ọdún àwọn ọmọ mi. Ẹni mẹ́rin ni a gun òkè náà. Ẹni márùn-ún ni ì bá jẹ́.