Ilé Àwìn

Ẹ jókòó sí ọ́fíìsì báńkì tó ń yá ènìyàn lówó ilé, kí ẹ kàn tẹ́tí. Ohun àkọ́kọ́ tí oníbàárà máa ń bèèrè ni pé, "Èló ni màá máa san lóṣù?" Akọ̀wé á tẹ ẹ̀rọ ìṣirò, á dárúkọ iye kan. Oníbàárà á ro owó oṣù rẹ̀ wò, á mi orí, ó parí. Ẹni tó bá onílé dúnàádúrà títí ẹnu fi gbẹ kó tó yọ 500,000 náírà fún un, òun náà ló gba èlé báńkì láìjiyàn. Kò bèèrè pé, "Lọ́jọ́ tí mo bá san tán, èló ni màá ti san lápapọ̀?" Bẹ́ẹ̀, iye yẹn gan-an ni wọ́n ta ilé fún un.

*

Àbúrò mi kan tó jẹ́ nọ́ọ̀sì ní Houston ya fọ́tò ìwé ilé rẹ̀, ó fi ránṣẹ́ sí mi. "Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ bá mi yọ̀ o, mo ti di lańlédì!" Mo bá a yọ̀, mo ṣàdúrà pé ilé náà á tù ú lára. Lẹ́yìn náà ni mo ní kó ṣí ojú ewé karùn-ún. Láti oṣù kẹwàá ọdún 2015 ni òfin Amẹ́ríkà ti ní kí ayánilówó fún oníbàárà ní ìwé olójú ewé márùn-ún kan tí wọ́n ń pè ní Closing Disclosure, ó kéré tán ọjọ́ iṣẹ́ mẹ́ta kí ó tó fọwọ́ sí àdéhùn. Ojú ewé àkọ́kọ́ ni gbogbo èèyàn ń wò, torí ibẹ̀ ni owó tí wọ́n á máa san lóṣooṣù wà. Òótọ́ ọ̀rọ̀ wà lójú ewé karùn-ún, níbi tí wọ́n kọ Total of Payments sí. 300,000 dọ́là ló yá, ní èlé 6.5%, fún ọgbọ̀n ọdún. Owó tó máa san lóṣù kan jẹ́ 1,896 dọ́là. Ohun tó máa san lápapọ̀ lé ní 682,000.

Ó dákẹ́ díẹ̀. Ó ní, "Ẹ̀gbọ́n, ilé kan ṣoṣo mà ni mo rà."

*

Ibi tí owó tó san lóṣù àkọ́kọ́ gbà lọ nìyí: 1,625 dọ́là jẹ́ èlé, 271 péré ló bọ́ sórí ojú owó. Báńkì ò rẹ́ ẹ jẹ. Orí gbèsè tó kù nílẹ̀ ni wọ́n ti ń ṣírò èlé lóṣooṣù, ìbẹ̀rẹ̀ sì ni gbèsè pọ̀ jù. Tó bá san án fún ọdún mẹ́wàá gbáko láìyẹ̀, yóò ti san ju 227,000 dọ́là lọ, gbèsè tí yóò ṣì wà lọ́rùn rẹ̀ yóò lé ní 254,000. Ó di inú ogún ọdún kí apá tó ń lọ sórí ojú owó tó ju apá tí èlé ń gbà lọ.

Ẹ wá wo ẹni tó ra ilé, tó tà á lẹ́yìn ọdún méje, tó tún lọ yá ti ọgbọ̀n ọdún mìíràn. Ìgbà gbogbo ló wà ní ìbẹ̀rẹ̀ gbèsè, níbi tí èlé ti ń jẹ owó jù. Bákan náà ni ẹni tó gba gbèsè tuntun fi san ti àtijọ́ torí pé èlé wálẹ̀ díẹ̀. Kó kọ́kọ́ wo iye ọdún tí wọ́n kọ síbẹ̀. Ọdún mọ́kànlélógún ló kù fún un tẹ́lẹ̀. Wọ́n ti tún dá a padà sí ọgbọ̀n.

*

Tí àbúrò mi bá ń fi 200 dọ́là kún un lóṣooṣù láti ìbẹ̀rẹ̀, tó sì sọ ọ́ kedere pé orí ojú owó ni kí wọ́n kà á sí, yóò san tán ní nǹkan bí ọdún mẹ́tàlélógún, èlé tí yóò sì bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀ yóò ju 100,000 dọ́là lọ. Ó ní òun á gbìyànjú. Owó aṣọ ẹbí tó ń rà lọ́dún kan kò jìnnà sí àpapọ̀ 200 dọ́là oṣooṣù yẹn, ṣùgbọ́n mi ò sọ ọ́ sókè.

*

Ẹ jẹ́ ká wálé. Ní oṣù kọkànlá ọdún 2024, Báńkì Àpapọ̀ Nàìjíríà gbé òṣùwọ̀n èlé rẹ̀ dé 27.5%, kò sì sọ̀ ọ́ kalẹ̀ títí di oṣù kẹsàn-án ọdún 2025. Ká tiẹ̀ ṣàánú, ká fi 25% ṣe ìṣirò. Ẹni tó yá mílíọ̀nù 10 náírà fún ogún ọdún á máa san nǹkan bíi 209,800 náírà lóṣù. Nínú owó tó san lóṣù àkọ́kọ́, èlé gba 208,333. Ohun tó bọ́ sórí ojú owó kò tó 1,500 náírà. Ó jí lówùúrọ̀, ó lọ síbi iṣẹ́ fún odidi oṣù kan, ó san ju ẹgbẹ̀rún lọ́nà igba, gbèsè mílíọ̀nù 10 sì fi owó ọkọ̀ ọjọ́ kan dín. Lápapọ̀, ohun tó máa san yóò lé ní mílíọ̀nù 50.

Kì í ṣe mílíọ̀nù 50 yẹn ló yà mí lẹ́nu jù. Mo gé ọdún rẹ̀ sí mẹ́wàá, mo sì rò pé owó oṣù á fẹ́rẹ̀ẹ́ di ìlọ́po méjì. Rárá o. 209,800 di 227,500 péré. Nǹkan bíi 17,700 náírà ló fi lé lóṣù, àpapọ̀ sì já láti orí mílíọ̀nù 50 sí mílíọ̀nù 27 àti díẹ̀. Níbi tí èlé bá ti kéré, tí ẹ bá fa ọdún gùn, owó oṣù á dínkù dáadáa. Níbi tó bá ti ga báyìí, èlé nìkan ti fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ gbogbo owó oṣù, nítorí náà ọdún mẹ́wàá tí wọ́n fi kún un kò mú ẹrù fúyẹ́ lọ́rùn ẹnikẹ́ni. Síbẹ̀, ẹ ó rí i gàdàgbà lórí pátákó ìpolówó: "títí di ogún ọdún!", bí ẹni pé oore ni wọ́n ń ṣe. Ẹni tó lè rí 17,700 sí i lóṣù, tó wá gba ogún ọdún nítorí pátákó yẹn, mílíọ̀nù 23 ló fi ra ọ̀rọ̀ ẹnu.

*

Ọ̀rẹ́ mi tó jẹ́ àkáǹtáǹtì ka ìṣirò yìí, ó ní, "Ṣé náírà ogún ọdún sí i ni náírà òní?" Òótọ́ ló sọ. Tí ọjà bá ń gbówó lórí bó ṣe ń gbówó yìí, gbèsè àtijọ́ á máa fúyẹ́ síwájú àti síwájú. Ṣùgbọ́n kí gbèsè tó fúyẹ́, owó oṣù ẹni gbọ́dọ̀ máa gòkè bá ọjà. 30,000 náírà ni owó oṣù tó kéré jù fún òṣìṣẹ́ láti ọdún 2019 títí di 2024. Ẹ bi àwọn tó ń gbà á bóyá ọjà dúró dè wọ́n. Ohun kejì ni pé àdéhùn wa nílé sábà máa ń fún báńkì láyè láti yí èlé padà bí ọjà owó bá yí. Ẹ wá gbólóhùn yẹn nínú ìwé yín. Kì í sábà wà lójú ewé kìíní.

*

Láti ọdún 1992 ni National Housing Fund ti wà ní Nàìjíríà. Wọ́n ń yọ 2.5% lára owó oṣù òṣìṣẹ́ sínú rẹ̀, Federal Mortgage Bank sì ń yá a fún àwọn tó bá yege ní 6%. Mílíọ̀nù 10 kan náà, ogún ọdún kan náà: nǹkan bíi 71,600 náírà lóṣù, mílíọ̀nù 17 àti díẹ̀ lápapọ̀. Ẹ fi wé 209,800 òkè yẹn.

Ẹni tó bá rí i gbà, kó dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run, kó sì dúpẹ́ lọ́wọ́ tíṣà kan tí wọ́n ń yọ owó lára owó oṣù rẹ̀ láti ìgbà tó ti gbaṣẹ́, tí kò yá kọ́bọ̀ rí, tó jẹ́ pé 2% ni èlé tí wọ́n ń kà fún un títí yóò fi fẹ̀yìn tì. Lọ́dún 2023 àti 2024, ohun tí ọjà fi gòkè ju 20% lọ dáadáa. Owó tíṣà ń yọ́ lọ nínú àpò. Èlé pọ́ọ́kú tí ẹnìkan ń jẹ, ẹlòmíràn ló ń san án. Mi ò ní kí ẹ má gbà á o. Èmi gan-an á gbà á. Ohun tí mò ń sọ ni pé kí tíṣà náà lọ bèèrè tirẹ̀, nígbà tó ṣì ní ọdún iṣẹ́ níwájú.

*

Ní London, báńkì á ní, "Owó ìwé jẹ́ 999 pọ́n-ùn, ṣùgbọ́n ẹ má dààmú, a ó fi kún gbèsè yín." Tó bá jẹ́ 5% fún ọdún 25, 999 yẹn ti di nǹkan bíi 1,750. Ẹ fi owó ọwọ́ san án.

*

Àwọn baba wa mọ ìwọ̀fà. Ẹni tó yá owó á lọ máa ṣiṣẹ́ nínú oko olówó, tàbí kó fi ọmọ rẹ̀ síbẹ̀. Iṣẹ́ yẹn ni èlé. Ì báà ṣiṣẹ́ fún ọdún mẹ́wàá, ojú owó kò dín. Ọjọ́ tí wọ́n bá kó gbogbo rẹ̀ sílẹ̀ ni ìwọ̀fà tó lè palẹ̀ ẹrù rẹ̀ mọ́.

Ní àwọn ọdún 1980 àti 1990, wọ́n ta irú gbèsè ilé kan káàkiri ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì tó jọ èyí pẹ́kípẹ́kí. Interest-only ni wọ́n ń pè é. Èlé nìkan ni onílé ń san fún ọdún 25 tàbí jù bẹ́ẹ̀. Lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, ó ń dá owó sínú ètò ìfowópamọ́ kan tí wọ́n ń pè ní endowment, tó yẹ kó dàgbà tó láti san ojú owó lọ́jọ́ ìkẹyìn. Ọ̀pọ̀ nínú wọn kò dàgbà tó. Àgbàlagbà tó ti ń múra àtifẹ̀yìn tì wá rí lẹ́tà gbà pé iye tó yá nígbà èwe ṣì wà níbẹ̀ digbí, owó tó sì fi ń dúró dè é kò tó o.

*

Àwọn tiwa ní Peckham àti Thamesmead ní London mọ èyí dunjú: lọ́dọ̀ọ wọn, ọdún méjì tàbí márùn-ún ni wọ́n máa ń dá èlé dúró sójú kan, lẹ́yìn náà kí ẹ tún àdéhùn ṣe. 0.1% ni òṣùwọ̀n Bank of England wà títí di oṣù kejìlá ọdún 2021. Nígbà tó fi di oṣù kẹjọ ọdún 2023, wọ́n ti gbé e sókè lẹ́ẹ̀mẹ́rìnlá léraléra, ó dé 5.25%. Ẹni tó yá 250,000 pọ́n-ùn ní 2% fún ọdún 25 ń san nǹkan bíi 1,060 lóṣù. Tó bá bọ́ sí 5.5% lẹ́yìn ọdún méjì, ó di nǹkan bíi 1,498. Yàrá kò pọ̀ sí i, ilé ìdáná kò fẹ̀ sí i. Ẹni tó ń wá ilé níbẹ̀, kó fi ìdá mẹ́ta nínú ọgọ́rùn-ún kún èlé tí wọ́n dá fún un, kó tún ìṣirò rẹ̀ ṣe. Tí kò bá lè gbé ìyẹn, ilé náà ti wọ́n jù fún un.

*

Ní Texas tí àbúrò mi wà, gbèsè ilé lè tán. Owó orí ilé kì í tán.

*

Ẹlòmíràn á ní, "Èmi ò bá báńkì da nǹkan kan pọ̀ o. Díẹ̀díẹ̀ ni mò ń kọ́ tèmi." Mo bọ̀wọ̀ fún un. Owó alájẹṣẹ́kù ló fi ra ilẹ̀, àjọ ló fi ṣe fáńdéṣọ̀n. Kò sí ẹni tó lè lé e jáde. Ṣùgbọ́n kó má ṣe sọ pé òun ò san èlé. Ní ìbẹ̀rẹ̀ ọdún 2024, láàárín ọ̀sẹ̀ mélòó kan, àpò simẹ́ńtì tí wọ́n ń tà ní nǹkan bíi 5,000 náírà kọjá 10,000 ní ọ̀pọ̀ ọjà. Ẹni tó fẹ́ da dẹ́kì lóṣù yẹn ti san èlé oríṣi tirẹ̀. Kó sì ka owó ilé tó ṣì ń san fún lańlọ́ọ̀dù ní gbogbo ọdún tí koríko fi ń hù nínú yàrá tí kò tíì ní òrùlé. Tó bá ro gbogbo rẹ̀ pọ̀, ó lè jẹ́ pé òun náà ló ṣe é tó dára jù, pàápàá nígbà tí báńkì ń gba 25%. Kó ṣáà rò ó.

*

Òfin Ìlò Ilẹ̀ Nàìjíríà ti ọdún 1978 ní ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ fi ilẹ̀ ìgboro dógò láìsí àṣẹ gómìnà. Àṣẹ yẹn ń gbowó. Lọ́yà ń gbowó, ẹni tó díye lé ilé ń gbowó, owó ìdójútòfò wà lọ́tọ̀. Kò sí ọ̀kankan nínú wọn nínú "Èló ni lóṣù?"

*

Tí ẹ bá san kọ́bọ̀ ìkẹyìn ní Nàìjíríà, gbèsè ti kúrò lọ́rùn yín, kò tíì kúrò lórí ilé. Orúkọ báńkì ṣì wà lórí ilẹ̀ yẹn nínú ìwé ìjọba, títí wọ́n á fi fọwọ́ sí ìwé ìtúsílẹ̀, tí ẹ ó sì gbé e lọ forúkọ sílẹ̀ ní ọ́fíìsì ilẹ̀ ìpínlẹ̀ yín. C of O yín, ìyẹn ìwé ẹ̀rí ilẹ̀ yín, náà wà nínú àpótí báńkì. Àwọn kan á pa màlúù, wọ́n á jó, wọn ò ní lọ gbà á. Lọ́jọ́ tí àwọn ọmọ bá fẹ́ ta ilé tàbí kí wọ́n pín in, báńkì ti pa pọ̀ mọ́ òmíràn, akọ̀wé tó mọ fáìlì náà ti fẹ̀yìn tì. Ẹ jọ̀ọ́, ọ̀sẹ̀ tí ẹ bá san tán ni kí ẹ lọ gba ìwé yín.