Ta Ló Ń Kọ Ìtàn Ọmọ Ìta?

Mo máa ń gbọ́ ọ lẹ́nu àwọn ará wa tó ń gbé ìlú Ọba pé àwọn àlejò ló kó ìwà ọmọ ìta dé ibẹ̀. Ọ̀rọ̀ náà máa ń dùn mí wọra, torí òbí ni wọ́n, ọmọ bíbí inú wọn ni wọ́n sì ń di ẹ̀sùn náà rù.

Bẹ́ẹ̀ sì rèé, ìwà yìí ti pẹ́ níbẹ̀. Scuttlers ni wọ́n ń pe àwọn ọmọ tó ń jà kiri ní Manchester àti Salford láàárín 1870 sí 1900. Òyìnbó pọ́ńbélé ni wọ́n, ọ̀pọ̀ wọn kò tíì pé ogún ọdún, iṣẹ́ òwú àti iṣẹ́ irin ni wọ́n sì ń ṣe láti àárọ̀ ṣúlẹ̀. Òpópónà kan á gbógun ti èkejì. Bẹ́líìtì ni wọ́n fi ń jà: wọ́n á we awọ rẹ̀ mọ́ ọrùn ọwọ́, wọ́n á wá máa fi idẹ ńlá tó wà lẹ́nu rẹ̀ la orí ara wọn. Lára awọ yìí kan náà ni wọ́n ti ń fi píìnì idẹ ya ejò, ọkàn tí ọfà gún, tàbí orúkọ ọmọbìnrin. Mo máa ń ronú pẹ́ lórí orúkọ ọmọbìnrin yẹn. Ẹni tó ti iṣẹ́ dé, tó rẹ̀ ẹ́, tó tún fara balẹ̀ to píìnì kọ orúkọ olólùfẹ́ rẹ̀, irú ọmọ wo ni?

Ìwé ilé ẹjọ́ kò bi í. Ọlọ́pàá kò bi í, oníwèé ìròyìn náà kò sì ráyè. Inú àkọsílẹ̀ àwọn wọ̀nyí ni òpìtàn Andrew Davies ti ṣa ìtàn wọn jọ sínú The Gangs of Manchester, ní 2008. Ṣáájú rẹ̀, ní 1983, Geoffrey Pearson ti fi hàn nínú Hooligan pé ìran kọ̀ọ̀kan nílùú Ọba ló ń pariwo pé irú èyí kò ṣẹlẹ̀ rí.

Fíìmù tẹlifíṣọ̀n ti sọ àwọn Peaky Blinders, ọmọ ìta Birmingham, di ọ̀gá olówó. Ọlọ́pàá ya àwòrán ọ̀kan nínú àwọn tí wọ́n ń pè bẹ́ẹ̀ ní 1904: ọmọ ọdún 19, kẹ̀kẹ́ ni wọ́n ló jí.

Ìtàn tiwa náà ń dúró de ẹni tí yóò kọ ọ́. Ní November 2000, Damilola Taylor, ọmọ ọdún 10 tó ti Èkó wá, kú ní Peckham, nílùú Lọ́ńdọ̀nù, lẹ́yìn tí wọ́n fi ìgò fífọ́ gún un. Richard, bàbá rẹ̀, fi ìyókù ayé rẹ̀ jà fún àwọn ọ̀dọ́. Ẹni tó bá fẹ́ kọ ìtàn àdúgbò yẹn, kó bi àwọn ìyá wa tó gbé àwọn ilé North Peckham Estate léèrè: ta ló ń ṣiṣẹ́ òru, ta ló ń ṣọ́ ọmọ, kíláàbù ọ̀dọ́ wo ló wà nítòsí? Kó gba ohùn wọn sílẹ̀ báyìí. Wọ́n ti wó ọ̀pọ̀ nínú ilé wọ̀nyẹn, àwọn ìyá náà sì ti ń dàgbà.