Òṣùmàrè, Ejò Tí Ọdẹ Kankan Kò Pa Rí

Àwọn olóòtú ìwé yìí ní kí a kọ ohun tí ọmọ lè kà, tí àgbà náà yóò sì rí jẹ nínú rẹ̀. Nítorí náà, a yàn láti kọ ìtàn ẹranko kan tí ọdẹ kankan kò pa rí, tí gbogbo wa sì ti mọ̀ láti kékeré: òṣùmàrè, ejò ńlá ojú ọ̀run.

Bí àwọn àgbà ti ń sọ ọ́ nìyí. Abẹ́ ilẹ̀ ni ejò náà ń gbé. Bí òjò bá dá, yóò yọ síta, yóò na ara rẹ̀ dé òkè láti mu omi. Àwọn mìíràn ní omi ilẹ̀ ni ó ń fà lọ sí ààfin Ṣàngó lójú ọ̀run. Erè ni ìránṣẹ́ rẹ̀ láàárín àwọn ejò. A. B. Ellis, ọ̀gágun Gẹ̀ẹ́sì kan, kọ irú nǹkan wọ̀nyí sínú ìwé tí ó tẹ̀ jáde nípa àwọn Yorùbá ní 1894. Ṣùgbọ́n èyí tí ó dùn létí àwọn ènìyàn jù ni ti ìgbẹ́ rẹ̀: wọ́n ní ẹni tí ó bá rí imí òṣùmàrè he, òṣì ti tán ní ilé rẹ̀.

Yorùbá nìkan kọ́ ni ó ni ìtàn yìí. Ní Dahomey àtijọ́, tí à ń pè ní Benin lónìí, àwọn Fọ̀n ń pè é ní Dan Ayido Hwedo; wọ́n ní òun ni ó ká ara rẹ̀ sábẹ́ ayé tí ayé kò fi rì. Àwọn ará etíkun títí dé Togo sì ń sọ nípa àwọn ìlẹ̀kẹ̀ iyebíye kan tí a máa ń hú nínú ilẹ̀ pé imí ejò náà ni wọ́n. Àwọn tí a kó lẹ́rú gbé e rékọjá òkun. Ní Haiti, a ń pè é ní Danbala àti Ayida Wèdo. Ní Brazil, Oxumarê ni orúkọ rẹ̀, wọ́n sì ní akọ ni ó jẹ́ fún oṣù mẹ́fà, abo fún oṣù mẹ́fà.

Ejò tòótọ́ tí ó sún mọ́ ìtàn yìí jù ni erè. Ó lè gùn ju mítà 5 lọ, ó sì fẹ́ràn etí omi. Kò ní oró. Ńṣe ni ó máa ń wé mọ́ ẹran títí ẹran yóò fi kú, tí yóò sì gbé e mì lódidi. Lẹ́yìn oúnjẹ ńlá, ó lè tó ọ̀pọ̀ oṣù kí ó tó tún jẹun. Bí abo rẹ̀ bá yé ẹyin, yóò ká ara rẹ̀ lé wọn lórí fún oṣù méjì sí mẹ́ta títí wọn yóò fi pa. Ìbátan rẹ̀ kékeré ni àwọn ejò tí a ń tọ́jú ní ilé ìbọ ní Ouidah, ní ọ̀kánkán ṣọ́ọ̀ṣì Àgùdà. Ní ti ìgbẹ́ erè, irun àti èékánná ẹran tí kò lè dà nínú rẹ̀ ni a ń bá níbẹ̀. A kò tíì gbọ́ pé ó la ẹnikẹ́ni.

Nígbà tí a jẹ́ ọmọ kíláàsì kìn-ín-ní níhìn-ín ní Òtò, bí òjò bá dá nírọ̀lẹ́, òṣùmàrè máa ń ta sókè lápá ọ̀sà, a sì gbà láàárín ara wa pé omi ọ̀sà ni ó ń mu. Olùkọ́ wa nípa sáyẹ́ǹsì gbọ́, kò sì bú wa. Ó ti gbogbo fèrèsé, ó fi ihò kékeré kan sílẹ̀ fún oòrùn, ó gbé dígí onígun mẹ́ta síbẹ̀, àwọ̀ méje sì tàn sára ògiri. Ó ní Newton ti ṣe irú rẹ̀ ní nǹkan bí ọdún 1666, àti pé ṣáájú rẹ̀, ní 1637, Descartes ti ṣe ìṣirò pé nǹkan bí dígírì 42 ni igun tí ìmọ́lẹ̀ fi ń padà láti inú ẹ̀kán òjò wá sí ojú wa. Nítorí náà ni a fi gbọ́dọ̀ kọ ẹ̀yìn sí oòrùn kí a tó rí òṣùmàrè. Bí a bá rìn síwájú, òun náà yóò sún síwájú. Ẹni méjì tí ó dúró pọ̀, olúkúlùkù ni ó ń rí tirẹ̀. Kò sí ẹni tí ó lè dé ìdí rẹ̀ láéláé, áńbọ̀sìbọ́sí pé yóò ṣa ohunkóhun níbẹ̀.

Nígbà tí Bíṣọ́ọ̀bù Samuel Àjàyí Crowther àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ ń túmọ̀ Bíbélì, orúkọ yìí kan náà ni wọ́n lò fún àmì májẹ̀mú Ọlọ́run pẹ̀lú Nóà. Ní ilé-ẹ̀kọ́ ìsìn, a jiyàn lórí rẹ̀ títí ilẹ̀ fi ṣú: ṣé ó yẹ kí a fi orúkọ ejò pe àmì májẹ̀mú? Ìdáhùn tí a dì mú títí di òní ni pé orúkọ kò ní ẹ̀bi. Mósè ni ó rọ ejò idẹ, ó sì wo àwọn ènìyàn sàn. Ìgbà tí wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í sun tùràrí sí i ni ọba Hesekáyà fọ́ ọ túútúú. Ohun tí a bá ń bèèrè lọ́wọ́ nǹkan ni ó ń sọ ọ́ di òrìṣà.

Ọ̀rọ̀ yìí kì í ṣe ti àtijọ́. Ní oṣù kejì ọdún 2018, ìròyìn gba ilẹ̀ wa kan pé wọ́n ní ejò gbé owó JAMB mì ní Makurdi, mílíọ̀nù 36 náírà. Gbogbo ayé rẹ́rìn-ín. Ṣùgbọ́n kì í ṣe gbogbo ilé ni ọ̀rọ̀ náà ti jẹ́ ẹ̀rín. Ní ìjọ kan tí a ti ṣe àlùfáà, opó kan mú ọmọkùnrin rẹ̀ wá sí ọ̀dọ̀ wa. Ọmọ náà ti fi owó ìwọlé yunifásítì rẹ̀ ra ìgò kékeré kan lọ́wọ́ ẹni tí ó pè é ní imí òṣùmàrè. A rò pé ìyá náà wá kí a bá a wí ni. Ó kúnlẹ̀, ó ní, “Bàbá, ẹ dákun, ẹ bá wa gbàdúrà sí i kí ó lè ṣiṣẹ́. Gbogbo ohun tí a ní ni a fi rà á.”

A tú ìgò náà. Iyanrìn tí a pa láró ni. Ọmọ náà wò ó pẹ́, ó ní, “Bàbá, ṣé gbogbo àwọn tí wọ́n ń ra mọ́tò ládùúgbò wa, iṣẹ́ ni wọ́n ṣe?”

Ìjọ san ìdajì owó náà. Ọmọ náà ru bíríkì fún oṣù mẹ́jọ láti rí ìdajì tó kù. Ó wọlé ní ọdún kejì.

Ẹ̀yin òbí, ẹ má ṣe fi ìtàn òṣùmàrè du àwọn ọmọ yín; ìtàn dídùn ni. Ṣùgbọ́n ẹ kíyè sí i pé nínú ìtàn àwọn bàbá wa, híhe ni a ń he imí náà. A kò gbọ́ ọ rí pé ẹnìkan tà á. Ẹni tí ó bá ní ohun tí ń sọni di olówó, kí ni yóò fi owó ìwé ọmọ opó ṣe?

Ẹ̀yin ẹlẹgbẹ́ wa, ẹ̀yin ni ìbéèrè ọmọ náà kàn. Bí wọ́n bá pè yín sí iwájú àwọn ọmọ ní ọjọ́ àjọ̀dún, ẹ sọ bí ẹ ti rí owó yín fún wọn: ọdún mélòó ni ẹ fi kọ́ṣẹ́, gbèsè wo ni ẹ jẹ, ìgbà mélòó ni ẹ ṣubú. Ẹnikẹ́ni tí ó bá sì ń ronú ohun tí yóò fi ta ilé-ẹ̀kọ́ wa lọ́rẹ, kí ó rántí pé dígí onígun mẹ́ta kò wọ́n. Kí Olúwa bùkún ilé-ẹ̀kọ́ wa. Àmín.