OMI TÓ Ń SÁ FÚN ARÌNRÌNÀJÒ

Ọ̀rọ̀ tòní gùn díẹ̀. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ fara balẹ̀ kà á dópin.

Ẹni tó bá ti gba títì Ọ̀yọ́ lọ sí Ògbómọ̀ṣọ́ lọ́sàn-án gangan nígbà ẹ̀ẹ̀rùn ti rí i rí. Ilẹ̀ gbẹ táútáú, òjò ò rọ̀ láti bí oṣù mẹ́ta, síbẹ̀ omi ń dán lójú títì lọ́ọ̀ọ́kán. Ọkọ̀ tó wà níwájú á tiẹ̀ dà bíi pé ó ń wẹ̀ nínú rẹ̀. Bẹ́ ẹ ṣe ń sún mọ́ ọn ni òun náà ń sún síwájú. Ẹ ó dé Ògbómọ̀ṣọ́, taya yín ò ní tutù.

Àwọn kan ní iwin ni. Rárá o! Ẹ jẹ́ n sọ bó ṣe jẹ́. Ọ̀dà dúdú tí wọ́n fi ṣe títì máa ń gba oòrùn sára gan-an. Ooru rẹ̀ á mú kí afẹ́fẹ́ tó fara kan ilẹ̀ gbóná, kó sì fẹ́lẹ́. Èyí tó wà lókè rẹ̀ tutù jù ú lọ, ó sì ki jù ú lọ. Ìmọ́lẹ̀ kì í la méjèèjì kọjá bákan náà. Ẹ rántí bí igi tí a kì bọ inú omi ṣe máa ń dà bíi pé ó ṣẹ́. Ìmọ́lẹ̀ ló tẹ̀ níbẹ̀. Bẹ́ẹ̀ náà ni ìmọ́lẹ̀ ojú ọ̀run tó ń bọ̀ wá sórí títì ṣe ń tẹ̀ nínú afẹ́fẹ́ gbígbóná yẹn, tó sì ṣẹ́rí sókè wá sójú wa láì fara kan ilẹ̀. Ojú wa ò mọ̀ pé ó ṣẹ́rí. Ohun tó mọ̀ ni pé tààrà ni ìmọ́lẹ̀ ń rìn. Ló bá gbé ojú ọ̀run kalẹ̀ sórí ọ̀dà, a sì pè é ní omi. Afẹ́fẹ́ gbígbóná tó ń ru sókè ló ń jẹ́ kó máa mì. Ọ̀nà jíjìn nìkan la ti lè rí i, níbi tí ojú wa ti fẹ́rẹ̀ẹ́ bá ilẹ̀ dọ́gba. Ìdí tí a kì í fi í bá a nìyẹn.

Lọ́dún 1798, nígbà tí Napoleon kó ogun lọ sí Íjíbítì, òùngbẹ ń gbẹ àwọn ọmọ ogun Faransé nínú aṣálẹ̀. Wọ́n ń rí adágún omi níwájú, wọ́n ń lépa rẹ̀, kò sí nǹkan kan níbẹ̀. Gaspard Monge, onímọ̀ kan tó bá wọn lọ, ló ṣàlàyé ohun tó fà á.

Ẹ gbọ́ ibi tí mo ń lọ. Ẹ gbé kámẹ́rà sí omi orí títì yẹn, á yọ nínú fọ́tò! Ojú ò purọ́. Ojú ọ̀run gidi lẹ rí, àmọ́ ibi tẹ́ ẹ rò pé ó wà kọ́ ló wà. Nítorí náà, "mo fojú ara mi rí i" kò tó ẹ̀rí.

Arábìnrin kan wá bá mi pé kí n gbàdúrà sórí owó tóun fẹ́ gbà lọ́dọ̀ ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù. Owó ilé-ìwé ọmọ wà nínú rẹ̀ o. Wọ́n ní kó fi sórí nǹkan kan lórí fóònù, pé á di ìlọ́po méjì láàárín oṣù kan. Ó ní, "Dádì, mo rí i. Ojoojúmọ́ ni owó ẹni tó mú mi mọ̀ ọ́n ń lé sí i lójú fóònù rẹ̀." Mo ní, "Ṣé ó ti gbà á sọ́wọ́?" Ó dákẹ́. Ó ní wọ́n ní kó ṣì dúró ná. Mi ò gbàdúrà sórí owó yẹn. Ó bínú, ọ̀sẹ̀ méjì ni kò wá sí ìpàdé. Ó dùn mí, ṣùgbọ́n mi ò yí ọ̀rọ̀ mi padà.

Ṣé ẹ ti gbàgbé MMM, oṣù Kejìlá ọdún 2016? Ṣé ẹ ti gbàgbé CBEX, oṣù Kẹrin ọdún 2025, tí àwọn èèyàn ya wọ ọ́fíìsì wọn n'Íbàdàn tí wọ́n ń kó ẹrù? Owó ń dán lójú fóònù títí dọjọ́ tí wọ́n fẹ́ gbà á.

Lọ́nà Ògbómọ̀ṣọ́ kan náà yẹn, ẹ ó kan Odò Ọbà. Kì í dán tó ti orí ọ̀dà, ẹ̀ẹ̀rùn á tiẹ̀ mú kó fà. Àmọ́ ibi tó wà lánàá ló wà lónìí. Igi tútù wà létí rẹ̀, ẹ bù ú, á dúró nínú igbá. Òwò ni o, ẹni tó ní òun á bá yín ṣe ìwé òkè òkun ni o, ẹni tó ní òun á fẹ́ yín tó ń sún ọjọ́ síwájú lọ́dọọdún ni o, ẹ sún mọ́ ọn, kẹ́ ẹ wò ó bóyá á sá.

Mi ò ní kẹ́ ẹ má nírètí o. Ẹ ka Aísáyà 35:7. Ọ̀rọ̀ Hébérù tó wà níbẹ̀ ni sharab. Àwọn Lárúbáwá ń pe omi ẹ̀tàn yìí ní sarab. Ìdí nìyẹn tí àwọn atúmọ̀ Bíbélì kan fi gbà pé omi ẹ̀tàn gan-an ni Ọlọ́run ní òun á sọ di adágún. Kò bú ẹni tí òùngbẹ ń gbẹ. Omi gidi ló ṣèlérí fún un.

Gbogbo òùngbẹ tó ń mú yín sáré tẹ̀ lé ohun tó ń sá fún yín, Olúwa á fi omi gidi pa á, lórúkọ Jésù. Ẹ kọ Àmín yín sísàlẹ̀. Tẹ́ ẹ bá sì mọ ẹni tó fẹ́ kó owó lọ síbì kan lọ́sẹ̀ yìí, ẹ tètè fi èyí ránṣẹ́ sí i kó tó lọ.